Orí Keje: Iṣẹ́ Òǹkọ̀wé Eré Sinimá ní Ilẹ̀ Ṣáínà: Àpẹẹrẹ Xia Yan (1900–1995)

Èròǹgbà orí yìí

Nígbà tí akẹ́kọ̀ọ́ bá ka orí yìí tán, ó yẹ kí ó lè:

1. sọ ohun tí iṣẹ́ òǹkọ̀wé eré sinimá jẹ́, kí ó sì fi ìyàtọ̀ hàn láàárín iṣẹ́ náà àti iṣẹ́ olùdarí eré;
2. ṣàlàyé bí wọ́n ṣe ń ya fíìmù ní Shanghai kí àkọsílẹ̀ eré tó di àṣà níbẹ̀;
3. to àwọn ìpele iṣẹ́ Xia Yan lẹ́sẹẹsẹ, pẹ̀lú ọdún àti orúkọ fíìmù;
4. fi *Zhufu* àti *Linjia Puzi* ṣe àpẹẹrẹ bí a ṣe ń sọ ìtàn inú ìwé di fíìmù;
5. ṣàlàyé bí ìjọba àti òṣèlú ṣe lè gbé òǹkọ̀wé ga, tí wọ́n sì lè pa á lẹ́nu mọ́;
6. lo àwọn ìlànà Xia Yan láti kọ ìran eré kúkúrú.

7.1 Ìfáárà

Bí fíìmù bá dùn, orúkọ òṣèré ni èrò kọ́kọ́ ń dá, orúkọ olùdarí a sì tẹ̀ lé e. Ẹni tó ti jókòó ti bébà kí kámẹ́rà tó dé ojú agbo kì í sábà gbọ́ orúkọ tirẹ̀. Bẹ́ẹ̀, òun ló kọ́kọ́ pinnu ẹni tí ìtàn dá lé lórí, ibi tí ìtàn ti bẹ̀rẹ̀, ohun tí olùwòran yóò mọ̀ àti ìgbà tí yóò mọ̀ ọ́n.

Orí yìí yẹ iṣẹ́ náà wò nípasẹ̀ ẹnì kan, Xia Yan ti ilẹ̀ Ṣáínà. Ìdí mẹ́ta ló mú kí a yàn án. Àkọ́kọ́, iṣẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ nígbà tí ọ̀pọ̀ fíìmù ilẹ̀ Ṣáínà kò tíì máa sọ̀rọ̀, ó sì dé ìgbà fíìmù aláwọ̀. Ìkejì, ó sọ ìtàn àwọn òǹkọ̀wé ńlá ìgbà ayé rẹ̀ di fíìmù, ó sì kọ ìlànà tó tẹ̀ lé sílẹ̀ fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́. Ìkẹta, ó ṣiṣẹ́ lábẹ́ ìjọba méjì tó ta kora, ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn ló sì fọwọ́ kan ohun tó kọ.

7.2 Àwọn ọ̀rọ̀ pàtàkì

- Òǹkọ̀wé eré sinimá: ẹni tó ń ronú ìtàn fíìmù, tó sì ń kọ ọ́ sílẹ̀ ní ìran-ìran, pẹ̀lú ìṣe àti ọ̀rọ̀ ẹnu àwọn ẹ̀dá ìtàn.
- Àkọsílẹ̀ eré: ìwé tí òǹkọ̀wé kọ, èyí tí olùdarí, òṣèré àti ayàwòrán ń tẹ̀ lé nígbà tí wọ́n bá ń ya fíìmù.
- Olùdarí eré: ẹni tó ń sọ àkọsílẹ̀ eré di àwòrán tó ń rìn, òun ló ń darí òṣèré àti kámẹ́rà.
- Ìran: apá eré tó ṣẹlẹ̀ ní ibì kan ṣoṣo àti ní àkókò kan ṣoṣo.
- Ṣọ́ọ̀tì: gbogbo ohun tí kámẹ́rà gbà láti ìgbà tí a tàn án títí di ìgbà tí a dá a dúró. Ṣọ́ọ̀tì púpọ̀ ló ń di ìran kan.
- Ìlapa ìran: ìwé kúkúrú tó kàn to orúkọ ìran àti ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ níbẹ̀, láìkọ ọ̀rọ̀ ẹnu òṣèré sí i.
- Ìsọdi-fíìmù: gbígbé ìtàn tó ti wà nínú ìwé, orí ìtàgé tàbí ẹnu àwọn ènìyàn, kí a sì tún un kọ fún kámẹ́rà.
- Fíìmù aláìlóhùn: fíìmù tí a kò gba ohùn òṣèré sí, ọ̀rọ̀ tí a kọ sójú àwòrán ló ń ṣàlàyé.
- Àjọ ayẹ-fíìmù-wò: àwọn tí ìjọba yàn láti wo fíìmù kí ará ìlú tó wò ó, tí wọ́n sì láṣẹ láti gé e tàbí láti fòfin dè é.

7.3 Ìbẹ̀rẹ̀ ayé Xia Yan

Wọ́n bí Xia Yan ní ọdún 1900 ní agbègbè Hangzhou, ní ìpínlẹ̀ Zhejiang, níbi tí iṣẹ́ sílíìkì ti gbilẹ̀ tipẹ́. Shen Naixi ni orúkọ tí wọ́n sọ ọ́. Ní Ṣáínà, orúkọ ìdílé ló ń ṣáájú, nítorí náà Shen ni orúkọ ìdílé rẹ̀. Xia Yan jẹ́ orúkọ ìkọ̀wé tó bẹ̀rẹ̀ sí í lò ní ọdún 1936, òun ni ayé sì wá mọ̀ ọ́n sí.

Bàbá rẹ̀ kú nígbà tó ṣì kéré, ìdílé náà kò sì rí já jẹ. Ó kọ́ nípa aró aṣọ ní ilé ẹ̀kọ́ iṣẹ́ ọwọ́ kan ní Hangzhou. Ní ọdún 1920 ó rí ìrànlọ́wọ́ owó gbà, ó sì lọ sí Jàpáànì, níbi tó ti kọ́ ẹ̀kọ́ nípa iná mànàmáná. Ìwé ìtàn àti eré orí ìtàgé ni ọkàn rẹ̀ fà sí níbẹ̀. Ó padà sí Shanghai ní ọdún 1927, ó sì wọ Ẹgbẹ́ Òṣèlú Kọ́múníìsì ní ọdún kan náà, nígbà tí ìjọba Guomindang ń pa àwọn ọmọ ẹgbẹ́ náà kiri. Iṣẹ́ ògbufọ̀ ló fi ń jẹun. Ara ohun tó túmọ̀ ni ìwé *Ìyá* tí Maxim Gorky ará Rọ́ṣíà kọ. Ní ọdún 1930 ó wà lára àwọn tó dá Ẹgbẹ́ Àwọn Òǹkọ̀wé Apá Òsì sílẹ̀ ní Shanghai.

Ohun mẹ́ta tó kó jọ ní ìgbà yìí ló wúlò fún un lẹ́yìn náà: ó mọ ìgbésí ayé àwọn tálákà àti àwọn òṣìṣẹ́ aṣọ, ó ti kọ́ bí a ṣe ń lo èdè láìfi ọ̀rọ̀ ṣòfò, ó sì ní kókó tó fẹ́ kí iṣẹ́ rẹ̀ sọ.

7.4 Bí wọ́n ṣe ń ya fíìmù ní Shanghai kí Xia Yan tó dé

Shanghai ni olú ìlú fíìmù ilẹ̀ Ṣáínà nígbà náà. Zhang Shichuan, Zheng Zhengqiu àti Zhou Jianyun dá ilé iṣẹ́ Mingxing sílẹ̀ níbẹ̀ ní ọdún 1922. Ọ̀pọ̀ olùdarí ìgbà náà kò lo àkọsílẹ̀ eré. Ìlapa ìran ni wọ́n ń mú dání: bébà kan tàbí méjì tó sọ pé lákòóbẹ̀rẹ̀, ọmọbìnrin pàdé ọmọkùnrin, lẹ́yìn náà, bàbá kọ̀. Olùdarí a máa sọ fún òṣèré lójú agbo ohun tí yóò ṣe, ohun tó kù sì di ọwọ́ ọgbọ́n inú àwọn méjèèjì.

Ní ọdún 1925, Hong Shen, tó ti kàwé ní Amẹ́ríkà, tẹ àkọsílẹ̀ eré kan jáde tó ń jẹ́ *Shentu Shi*. Àwọn òpìtàn kà á sí àkọsílẹ̀ fíìmù kíkún àkọ́kọ́ ní ilẹ̀ Ṣáínà, ṣùgbọ́n wọn kò yà á. Ohun tó ń mówó wọlé fún Mingxing nígbà náà ni fíìmù ìjà idà, pàápàá ọ̀wọ́ *Ìjóná Tẹ́ńpìlì Lótọ́ọ̀sì Pupa* tó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1928.

Ọdún 1931 àti 1932 yí ọkàn olùwòran padà. Ní oṣù September 1931, ọmọ ogun Jàpáànì gba Manchuria. Ní ọjọ́ 28 oṣù January 1932, wọ́n kọlu Shanghai fúnra rẹ̀. Ará ìlú kò fẹ́ kìkì ìjà idà mọ́. Wọ́n fẹ́ fíìmù tó sọ nípa ohun tó ń bá wọn fínra. Mingxing, tí gbèsè ti wọ̀ lọ́rùn, wá àwọn òǹkọ̀wé apá òsì lọ. Ní ọdún 1932, Xia Yan, Qian Xingcun tí a tún mọ̀ sí Ah Ying, àti Zheng Boqi gbà láti di olùdámọ̀ràn lórí àkọsílẹ̀ eré. Orúkọ bòńkẹ́lẹ́ ni wọ́n fi wọlé, torí pé ìjọba ń wá wọn. Huang Zibu ni Xia Yan ń jẹ́ níbẹ̀.

7.5 Bí Xia Yan ṣe kọ́ iṣẹ́ náà

Xia Yan kò lọ sí ilé ẹ̀kọ́ láti kọ́ bí a ṣe ń kọ eré sinimá. Ọ̀nà méjì ló fi kọ́ ọ.

*(i) Nínú ìwé.* Òun àti Zheng Boqi túmọ̀ ìwé Vsevolod Pudovkin, olùdarí ará Rọ́ṣíà, ní ọdún 1932. Zheng túmọ̀ apá tó sọ nípa àkọsílẹ̀ eré. Xia Yan túmọ̀ apá tó sọ nípa iṣẹ́ olùdarí. Níbẹ̀ ni wọ́n ti rí i pé bí a bá to ṣọ́ọ̀tì méjì tẹ̀ léra, olùwòran lè rí ìtumọ̀ kẹta tí kò sí nínú èyíkéyìí wọn.

*(ii) Nínú ilé sinimá.* Ó ń wo fíìmù ilẹ̀ òkèèrè léraléra, ó sì ń kọ ohun tó rí sílẹ̀: báwo ni ṣọ́ọ̀tì yìí ṣe gùn tó? Ṣé ọ̀nà jíjìn ni kámẹ́rà wà ni, àbí ó sún mọ́ ojú òṣèré? Báwo ni ìran kan ṣe kọjá sí òmíràn? Ó tú fíìmù palẹ̀ títí ó fi mọ bí wọ́n ṣe tò ó.

Ọ̀nà kejì yìí ṣe pàtàkì fún akẹ́kọ̀ọ́. Ẹni tó wo fíìmù lẹ́ẹ̀kan wo ìtàn rẹ̀ ni. Ẹni tó padà lọ wò ó pẹ̀lú ìwé lọ́wọ́ ló ń rí àhunpọ̀ rẹ̀.

7.6 Àwọn iṣẹ́ ọdún 1933

*7.6.1 Kuangliu (Àgbàrá Líle).* Cheng Bugao ló darí fíìmù yìí, ó sì jáde ní oṣù March 1933. Omíyalé ńlá tó ṣẹlẹ̀ létí odò Yangtze ní ọdún 1931 ló dá lé lórí: olówó abúlé ń sá lọ, àwọn aráàlú sì ń fi ọwọ́ ara wọn gbé ògiri odò ró. Cheng Bugao ti ya àwòrán omi náà gan-an nígbà tó ṣẹlẹ̀. Xia Yan kọ ìtàn yí àwòrán wọ̀nyí ká, ó sì kọ àkọsílẹ̀ eré kíkún dípò ìlapa ìran. Iṣẹ́ yìí jẹ́ kí Mingxing rí i pé àkọsílẹ̀ kíkún kì í fi àkókò ṣòfò, pé ńṣe ló ń dín wàhálà kù lójú agbo.

*7.6.2 Chuncan (Kòkòrò Sílíìkì Ìgbà Ìrúwé).* Inú ìtàn kúkúrú tí Mao Dun tẹ̀ jáde ní ọdún 1932 ni fíìmù yìí ti wá. Àwọn òpìtàn kà á sí ìgbà àkọ́kọ́ tí wọ́n sọ iṣẹ́ kan láti inú lítíréṣọ̀ tuntun ilẹ̀ Ṣáínà di fíìmù. Àgbẹ̀ kan, Tong Bao Àgbà, yá owó ra ewé mulberry fún kòkòrò sílíìkì rẹ̀. Òun àti ìdílé rẹ̀ kò sùn dáadáa fún ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀. Kòkòrò náà ṣe dáadáa, òwú tí wọ́n hun bo ara wọn pọ̀, ó sì funfun. Ṣùgbọ́n ogun ti mú kí àwọn ilé iṣẹ́ tó ń ra òwú ti ìlẹ̀kùn, iye owó rẹ̀ sì já wálẹ̀. Ẹni tó kórè púpọ̀ di ajigbèsè.

Xia Yan kò fi ìjà tàbí ọ̀rọ̀ ìfẹ́ tí kò sí nínú ìtàn kún un. Ó jẹ́ kí kámẹ́rà tẹ̀ lé iṣẹ́ náà ní ìpele-ìpele: pípa ẹyin kòkòrò, fífún wọn lóúnjẹ, ṣíṣọ́ wọn lóru, títú òwú. Olùwòran ti bá ìdílé náà ṣe làálàá kí àbájáde tó dé, nítorí náà àdánù náà wọ̀ ọ́ lára láìsí ẹni tó ṣe ìwàásù fún un.

*7.6.3 Shanghai Ershisi Xiaoshi (Wákàtí Mẹ́rìnlélógún ní Shanghai).* Shen Xiling ló darí èyí. Ìtàn rẹ̀ kò ju ọjọ́ kan lọ. Ọmọdé òṣìṣẹ́ kan fara pa ní ilé iṣẹ́ ìhunṣọ. Ní àkókò kan náà, àwọn olówó ń jayé wọn lọ. Ìfiwéra ni ọgbọ́n tí Xia Yan lò: ìran tálákà, ìran olówó, wọ́n ń tẹ̀ léra títí ìtàn fi parí.

7.7 Ìfúnpá ìjọba àti ogun, 1933–1949

Ní oṣù March 1933, Ẹgbẹ́ Kọ́múníìsì dá ìgbìmọ̀ fíìmù ẹlẹ́ni márùn-ún sílẹ̀ ní bòńkẹ́lẹ́. Xia Yan ni olórí rẹ̀. Ìjọba Guomindang náà kò sùn. Àjọ ayẹ-fíìmù-wò ń gé fíìmù wọn. Ní oṣù November 1933, àwọn jàǹdùkú tó ń gbè sẹ́yìn ìjọba ya wọ ilé iṣẹ́ fíìmù Yihua ní Shanghai, wọ́n sì fọ́ ọ. Ní ọdún 1934, Xia Yan àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kúrò ní Mingxing.

Àpẹẹrẹ kan fi hàn bí àwọn òǹkọ̀wé ṣe ń di ara wọn mú. Tian Han, òǹkọ̀wé eré orí ìtàgé, kọ ìtàn *Fengyun Ernü (Àwọn Ọmọ Ìgbà Ìjì)*. Kí ó tó sọ ọ́ di àkọsílẹ̀ eré kíkún, wọ́n mú un sẹ́wọ̀n ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1935. Xia Yan gba ìtàn náà, ó sì tún un kọ ní ọ̀nà tí kámẹ́rà fi lè yà á. Xu Xingzhi darí rẹ̀, ó sì jáde ní ọdún yẹn. Inú fíìmù yìí ni *Orin Ìrìn Àwọn Ọmọ Ogun Afínnúfíndọ̀* ti wá, èyí tí Tian Han kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀, tí Nie Er sì fún ní ohùn. Ní ọdún 1949 wọ́n yàn án ní orin orílẹ̀-èdè Ṣáínà.

Nígbà tí ogun Jàpáànì gbóná ní ọdún 1937, Xia Yan yíjú sí eré orí ìtàgé àti iṣẹ́ ìwé ìròyìn. Eré rẹ̀ *Lábẹ́ Òrùlé Shanghai*, tó kọ ní ọdún yẹn, kó ìdílé márùn-ún sínú ilé kan ní àkókò òjò. Láti ìgbà náà títí ogun fi parí, ó ṣiṣẹ́ ìwé ìròyìn ní Guangzhou, Guilin, Hong Kong àti Chongqing.

7.8 Ìsọdi-fíìmù lẹ́yìn 1949: àpẹẹrẹ *Zhufu*

Lẹ́yìn tí Ẹgbẹ́ Kọ́múníìsì gba ìjọba ní ọdún 1949, Xia Yan di aláṣẹ. Láti àárín àwọn ọdún 1950 títí di 1965, ó jẹ́ igbákejì mínísítà fún àṣà, fíìmù sì wà lára ohun tó ń mójú tó. Àárín iṣẹ́ ọ́fíìsì yìí ló ti kọ àwọn iṣẹ́ rẹ̀ tó lókìkí jù.

*Zhufu (Ìbùkún Ọdún Tuntun)* jáde ní ọdún 1956, ọdún tó pé ogún ọdún tí Lu Xun, tó kọ ìtàn náà, kú. Sang Hu ló darí rẹ̀, Bai Yang ló sì ṣe ẹ̀dá ìtàn àkọ́kọ́. Ó wà lára àwọn fíìmù aláwọ̀ àkọ́kọ́ ilẹ̀ Ṣáínà, ó sì gba ẹ̀bùn àkànṣe ní àjọ̀dún fíìmù Karlovy Vary ní Czechoslovakia ní ọdún 1957.

Ìtàn náà ní ṣókí. Ìyàwó Xianglin jẹ́ opó. Ó sá kúrò lọ́dọ̀ ìyá ọkọ rẹ̀, ó sì di ọmọ ọ̀dọ̀ ní ilé ìdílé Lu. Ìyá ọkọ wá jí i gbé, ó sì tà á fún ọkùnrin mìíràn ní orí òkè. Ó bí ọmọkùnrin kan fún ọkọ kejì yìí. Ọkọ náà kú. Ìkookò pa ọmọ jẹ. Ó padà sí ilé Lu, ṣùgbọ́n wọ́n ní ó ti di aláìmọ́, wọn kò jẹ́ kí ó fọwọ́ kan ohun ìrúbọ. Ẹnì kan sọ fún un pé kí ó fi owó ṣe ẹnu ọ̀nà fún tẹ́ńpìlì, kí ẹsẹ̀ èrò tó bá ń tẹ̀ ẹ́ wẹ ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀ nù. Ó ná gbogbo owó iṣẹ́ rẹ̀ sí i. Wọn kò gbà á síbẹ̀. Ó di alágbe, ó sì kú nígbà tí gbogbo ìlú ń ṣe ọdún.

Àwọn àyípadà tí Xia Yan ṣe.

(a) *Asọ̀tàn.* Nínú ìwé, ọ̀mọ̀wé kan tó pe ara rẹ̀ ní “èmi” ló ń sọ ìtàn, ìpàdé rẹ̀ pẹ̀lú alágbe náà ni ìtàn sì fi bẹ̀rẹ̀. Xia Yan yọ “èmi” yìí kúrò. Kìkì ohùn kan tí a kò rí ẹni tó ni ín ló sọ̀rọ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àti ní ìparí. Báyìí, obìnrin náà fúnra rẹ̀ ni olùwòran ń wò, kì í ṣe ẹni tó ń rántí rẹ̀.

(b) *Ètò àkókò.* Ìwé bẹ̀rẹ̀ láti òpin, ó sì padà sẹ́yìn. Fíìmù tẹ̀ lé ọjọ́ ayé obìnrin náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kí ìtàn má bàa ṣòro fún ọ̀pọ̀ èrò, títí kan ẹni tí kò mọ̀wé.

(d) *Àfikún ìran.* Lẹ́yìn tí ìdílé Lu tún lé e sẹ́yìn, Xia Yan jẹ́ kí obìnrin náà mú ọ̀bẹ lọ sí tẹ́ńpìlì, ó sì fi ṣá ẹnu ọ̀nà tó fi owó ara rẹ̀ rà. Ìran yìí kò sí nínú ìwé Lu Xun. Àríyànjiyàn pọ̀ lórí rẹ̀. Àwọn kan ní opó onígbàgbọ́ bẹ́ẹ̀ kò lè dán irú rẹ̀ wò. Xia Yan ní ẹni tí gbogbo ìrètí rẹ̀ ti pin lè ṣe é.

Àkíyèsí: (a) àti (b) yí ọgbọ́n ìsọ̀tàn padà, ṣùgbọ́n wọn kò yí kókó ọ̀rọ̀ padà. (d) yí ìwà ẹ̀dá ìtàn padà díẹ̀, ìdí sì nìyẹn tí àríyànjiyàn fi dé orí rẹ̀. Ìyàtọ̀ yìí ni akẹ́kọ̀ọ́ gbọ́dọ̀ máa wá nígbà tó bá ń fi fíìmù wé ìwé.

7.9 *Linjia Puzi (Ìsọ̀ Ìdílé Lin)*

Fíìmù yìí jáde ní ọdún 1959. Shui Hua ló darí rẹ̀, Xie Tian ló sì ṣe Ọ̀gbẹ́ni Lin. Inú ìtàn tí Mao Dun kọ ní ọdún 1932 ló ti wá. Ọ̀gbẹ́ni Lin ní ìsọ̀ kékeré ní ìlú kan ní agbègbè Zhejiang. Ará ìlú ń kọ ọjà Jàpáànì, ọjà Jàpáànì sì kún ìsọ̀ rẹ̀. Àwọn aláṣẹ ń gba rìbá lọ́wọ́ rẹ̀, àwọn tó jẹ ẹ́ ní gbèsè kò lè san, àwọn tí òun náà jẹ ní gbèsè sì wà lẹ́nu ọ̀nà. Níkẹyìn ó kó ọmọ rẹ̀ sá lọ, owó tí àwọn opó àti arúgbó fi pamọ́ sí i lọ́wọ́ sì ṣègbé.

Nínú ìwé, àánú Lin ló ń ṣe òǹkàwé jù. Nínú fíìmù, Xia Yan fi ìhà kejì hàn dáadáa: ẹni tí ẹni ńlá ń rẹ́ jẹ yìí náà ń rẹ́ ẹni tó kéré sí i jẹ. Kò sọ Lin di ènìyàn búburú, kò sì sọ ọ́ di ẹni mímọ́. Ìfìwàwẹ̀dá tó ní ìhà méjì ni a ń pe èyí: ẹ̀dá ìtàn tí a lè káàánú, tí a sì lè bá wí.

7.10 Àwọn ìlànà tí Xia Yan fi kọ́ni

Ní ìparí àwọn ọdún 1950, Xia Yan kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Ilé Ẹ̀kọ́ Gíga Fíìmù ti Beijing. Wọ́n tẹ ẹ̀kọ́ náà jáde ní ìwé tó dá lórí àwọn ìṣòro tó wà nínú kíkọ eré sinimá. Kókó márùn-ún nìyí:

1. Olùwòran kò lè ṣí ojú ìwé padà. Òǹkàwé tí ohun kan kò yé lè padà sẹ́yìn. Ẹni tó wà nínú ilé sinimá kò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Nítorí náà, ìbẹ̀rẹ̀ fíìmù gbọ́dọ̀ tètè jẹ́ kí a mọ ìgbà, ibùdó ìtàn àti ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn.
2. Ìgbà àkọ́kọ́ tí ẹ̀dá ìtàn yọ ṣe pàtàkì. Ohun tó ń ṣe nígbà tí a kọ́kọ́ rí i gbọ́dọ̀ sọ irú ẹni tó jẹ́.
3. Abẹ́rẹ́ àti òwú. Xia Yan gba àfiwé yìí lọ́wọ́ Li Yu, òǹkọ̀wé eré ọ̀rúndún kẹtàdínlógún: ìran kọ̀ọ̀kan gbọ́dọ̀ rán mọ́ èyí tó ṣáájú àti èyí tó ń bọ̀. Ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn gbọ́dọ̀ ti ní àmì níwájú.
4. Ọ̀rọ̀ ẹnu kò gbọ́dọ̀ tún ohun tí àwòrán ti sọ sọ. Bí ojú òṣèré bá ti fi ìbànújẹ́ hàn, kò yẹ kí ó tún wí pé inú òun bàjẹ́.
5. Àṣà àkókò gbọ́dọ̀ pé. Aṣọ, owó, oúnjẹ àti ọ̀rọ̀ ẹnu gbọ́dọ̀ bá ọdún tí ìtàn ṣẹlẹ̀ mu.

Lórí ìsọdi-fíìmù, ó fi ààlà sílẹ̀. Bí iṣẹ́ náà bá jẹ́ ti ọ̀gá òǹkọ̀wé bíi Tolstoy, Gorky tàbí Lu Xun, òǹkọ̀wé fíìmù gbọ́dọ̀ dúró ṣinṣin ti kókó ọ̀rọ̀ àti ọnà onítọ̀hún, ìbáà tilẹ̀ jẹ́ pé ó yọ nǹkan kékeré tàbí ó fi kún un. Bí ó bá jẹ́ ìtàn àròsọ àtẹnudẹ́nu tàbí ìtàn àwọn òrìṣà, òmìnira rẹ̀ pọ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

7.11 Ìṣubú àti ìpadàbọ̀

Ní ọdún 1964 àti 1965, ìjọba tí Xia Yan ń sìn kọjú sí i. Wọ́n ní *Linjia Puzi* ń ṣàánú àwọn oníṣòwò tó ń rẹ́ òṣìṣẹ́ jẹ, wọ́n sì fi í hàn káàkiri gẹ́gẹ́ bí fíìmù tó yẹ kí a bá wí. Wọ́n yọ ọ́ nípò ní ọdún 1965. Nígbà rògbòdìyàn Ìyípadà Àṣà (1966–1976), wọ́n tì í mọ́lé fún ohun tó lé ní ọdún mẹ́jọ. Wọ́n lù ú, ẹsẹ̀ rẹ̀ kan ṣẹ́, ojú rẹ̀ sì bàjẹ́. Ọdún 1975 ni wọ́n tó dá a sílẹ̀.

Lẹ́yìn ikú Mao Zedong, olórí Ẹgbẹ́ Kọ́múníìsì, ní ọdún 1976, wọ́n dá orúkọ rere rẹ̀ padà. Ó di alága Ẹgbẹ́ Àwọn Oníṣẹ́ Fíìmù Ilẹ̀ Ṣáínà ní ọdún 1979, ó sì tẹ ìwé ìrántí ayé rẹ̀ jáde ní ọdún 1985. Ní ọdún 1994, ìjọba fún un ní oyè oníṣẹ́ ọnà fíìmù tó ṣe gudugudu méje fún orílẹ̀-èdè. Ó kú ní Beijing ní ọjọ́ 6 oṣù February 1995. Wọ́n da eérú ara rẹ̀ sínú odò Qiantang, odò agbègbè tí wọ́n ti bí i.

Ìjọba Guomindang gé fíìmù rẹ̀ torí pé ó sọ̀rọ̀ fún tálákà. Ìjọba Kọ́múníìsì bá fíìmù rẹ̀ wí torí pé wọ́n ní ó káàánú oníṣòwò. Ìṣẹ̀lẹ̀ méjèèjì fi hàn pé àkọsílẹ̀ eré jẹ́ ìwé tí àwọn aláṣẹ ń kà kínníkínní, àti pé ìtumọ̀ rẹ̀ lè yí padà nígbà tí òṣèlú bá yí padà, láìjẹ́ pé ọ̀rọ̀ kan yí padà nínú rẹ̀.

7.12 Àkópọ̀

- Òǹkọ̀wé eré sinimá ló ń pèsè àkọsílẹ̀ tí olùdarí ń sọ di àwòrán.
- Kí àkọsílẹ̀ kíkún tó gbilẹ̀ ní Shanghai, ìlapa ìran ni ọ̀pọ̀ olùdarí ń lò.
- Ìkọlù Jàpáànì ní 1931 àti 1932 yí ìfẹ́ olùwòran padà, ó sì ṣí ìlẹ̀kùn Mingxing fún Xia Yan.
- Xia Yan kọ́ iṣẹ́ nípa títúmọ̀ ìwé àti nípa wíwo fíìmù pẹ̀lú àkíyèsí.
- *Kuangliu* àti *Chuncan* (1933), *Zhufu* (1956) àti *Linjia Puzi* (1959) ni àwọn iṣẹ́ rẹ̀ tó ṣe pàtàkì jù.
- Nínú ìsọdi-fíìmù, ọgbọ́n ìsọ̀tàn lè yí padà, ṣùgbọ́n kókó iṣẹ́ ọ̀gá òǹkọ̀wé gbọ́dọ̀ dúró.
- Iṣẹ́ òǹkọ̀wé kò lè bọ́ lọ́wọ́ òṣèlú àkókò rẹ̀.

7.13 Ìdánrawò

*Apá A: Yan ìdáhùn tó tọ̀nà.*

1. Ní ọdún wo ni wọ́n dá ilé iṣẹ́ Mingxing sílẹ̀? (a) 1912 (b) 1922 (d) 1932 (e) 1949
2. Ta ló kọ ìtàn tí wọ́n sọ di *Zhufu*? (a) Mao Dun (b) Tian Han (d) Lu Xun (e) Hong Shen
3. Iṣẹ́ wo ni ìdílé inú *Chuncan* ń ṣe? (a) ẹja pípa (b) sísin kòkòrò sílíìkì (d) títa aṣọ (e) ìkọ́lé
4. Inú fíìmù wo ni orin orílẹ̀-èdè Ṣáínà ti wá? (a) *Kuangliu* (b) *Zhufu* (d) *Fengyun Ernü* (e) *Linjia Puzi*

*Apá B: Dáhùn ní kíkún.*

1. Fi ìyàtọ̀ mẹ́ta hàn láàárín ìlapa ìran àti àkọsílẹ̀ eré.
2. Ṣàlàyé ìdí tí Mingxing fi pe àwọn òǹkọ̀wé apá òsì ní ọdún 1932.
3. Èwo nínú àyípadà mẹ́ta tí Xia Yan ṣe sí *Zhufu* ló kan ìwà ẹ̀dá ìtàn? Fi àlàyé gbe ìdáhùn rẹ lẹ́sẹ̀.
4. Báwo ni Ọ̀gbẹ́ni Lin ṣe jẹ́ àpẹẹrẹ ìfìwàwẹ̀dá tó ní ìhà méjì?
5. Fi ìfúnpá ọdún 1933 wé ti ọdún 1965 nínú ayé Xia Yan. Kí ló bára mu, kí ló sì yàtọ̀?

*Apá D: Iṣẹ́ ọwọ́.*

1. Wo ìṣẹ́jú mẹ́wàá àkọ́kọ́ nínú fíìmù Yorùbá kan lẹ́ẹ̀mejì. Ní ìgbà kejì, kọ ṣọ́ọ̀tì kọ̀ọ̀kan sílẹ̀: bí ó ṣe gùn tó, bí kámẹ́rà ṣe sún mọ́ òṣèré tó, àti ohun tuntun tí o mọ̀ níbẹ̀.
2. Mú ìtàn kúkúrú Yorùbá kan tí o ti kà. Kọ ìlapa ìran mẹ́jọ fún un, kí o sì sọ ohun tí o yọ kúrò àti ìdí tí o fi yọ ọ́.
3. Yan ọ̀kan nínú ìran mẹ́jọ náà, kí o kọ ọ́ ní àkọsílẹ̀ eré kíkún tí kò ju ojú ìwé méjì lọ. Lẹ́yìn náà, pa gbogbo ọ̀rọ̀ ẹnu tí àwòrán ti sọ tẹ́lẹ̀ rẹ́, kí o sì fi ẹ̀dà méjèèjì fún olùkọ́ rẹ.